Káàdì Inú Ọ̀rá

Nínú àpótí ìyá àgbàlagbà kan ní Kúta, lábẹ́ aṣọ òfì tí ó fi ṣe ìgbéyàwó, káàdì kan wà tí a dì sínú ọ̀rá. Ọ̀rá náà ti pọ́n, ó sì ti le bí awọ, ṣùgbọ́n káàdì inú rẹ̀ kò fà ya. Orúkọ ọmọ tí ó wà lórí rẹ̀ kì í ṣe orúkọ ọmọ tí ìyá náà bí. Ọmọ aládùúgbò ni, ọmọ náà kò sì sí láyé mọ́. Ìlà tí a fi bírò fà sórí káàdì náà gòkè títí di oṣù kẹfà, ó tẹ́ ní oṣù keje, ó sọ̀kalẹ̀ ní oṣù kẹjọ, ó sì parí síbẹ̀. Ó ti lé ní ogójì ọdún báyìí tí ìyá yìí ti ń tọ́jú rẹ̀. Kì í fi han ènìyàn.

Nọ́ọ̀sì ni ìyá náà kí ó tó fẹ̀yìn tì. Kì í ṣe irú nọ́ọ̀sì tí ń dúró de aláìsàn ní wọ́ọ̀dù. Èyí tí ń rìn láti agboolé dé agboolé ni, tí ń ṣí ìkòkò omi wò, tí ń béèrè ohun tí ọmọ jẹ lánàá, tí ń ka iye ọmọ tí ó wà nínú ilé àti iye tí ó yẹ kí ó wà níbẹ̀. Kí á má purọ́, ìwé ẹ̀rí rẹ̀ kò tilẹ̀ pè é ní nọ́ọ̀sì. Orúkọ mìíràn ni ìjọba fún irú rẹ̀, orúkọ gígùn tí ó ń yí padà bí ìjọba ti ń yí padà. Ṣùgbọ́n ará Kúta kì í ka ìwé ẹ̀rí kí wọ́n tó sọ ènìyàn lórúkọ. Ẹni tí ó mú abẹ́rẹ́ lọ́wọ́ tí ó sì wọ aṣọ funfun, nọ́ọ̀sì ni. Nígbà tí ó di àgbà, ó di Ìyá Nọ́ọ̀sì, orúkọ náà sì jẹ́ ẹ títí di òní.

Ìlú Òwu ni Kúta, ní agbègbè Ìwó, ní ìjọba ìbílẹ̀ Ayédire. Ẹni tí ó bá ń pìtàn Òwu kò lè ṣàì yà síbẹ̀, nítorí Anlugbua tí wọ́n ń bọ. Nígbà tí ọmọbìnrin náà bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní 1977, abẹ́ Ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́ ni ìlú náà wà. Ó di 1991 kí Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun tó dé. Iṣẹ́ oko ni iṣẹ́ ibẹ̀, abúlé sì yí ìlú náà ká lọ́tùn-ún lósì. Kúta sí Ìwó kì í ṣe ọ̀nà jíjìn fún ẹni tí ara rẹ̀ le, tí ilẹ̀ mọ́, tí owó mọ́tò wà lọ́wọ́ rẹ̀. Fún obìnrin tí ó pọn ọmọ tí ń gbọ̀n sẹ́yìn láti abúlé ní òru, ọ̀nà náà gùn ju ti Mẹ́kà lọ.

Ẹni tí ó bá fẹ́ mọ bí ikú ọmọdé ti pọ̀ tó nílẹ̀ Yorùbá láyé àtijọ́, kí ó má wulẹ̀ wá ìwé ìjọba. Orúkọ àwọn ènìyàn ni kí ó lọ kà. Málọmọ́, Dúrójayé, Kòkúmọ́, Kásìmáawòó, Bánjókòó, Igbókọ̀yí, Kòsọ́kọ́. Ẹ̀bẹ̀ ni òmíràn nínú wọn, èébú ni òmíràn, ṣùgbọ́n àkọsílẹ̀ ni gbogbo wọn. Kòsọ́kọ́ ń wí pé ọkọ́ tí a fi ń gbẹ́ sàréè kò sí mọ́. Kò sí ìwé ìkànìyàn tí ó lè sọ ọ́ ju bẹ́ẹ̀ lọ. Àwọn oníṣègùn òde òní ti ṣàlàyé pé àìsàn fòní-kú-fọ̀la-dìde wà lára ohun tí àwọn baba ń pè ní àbíkú, òtítọ́ sì ni; ṣùgbọ́n òun nìkan kọ́. Ibà wà níbẹ̀, ìgbẹ́ gbuuru wà níbẹ̀, èéyi wà níbẹ̀, òtútù àyà wà níbẹ̀, àti ebi tí kò jọ ebi, ti ọmọ tí ń mu ògì láàárọ̀ tí ó tún ń mu ògì lálẹ́, tí wọn kò fún ní ẹyin tàbí ẹran kí ó má baà di olè. Ní èdè Gáà ní ilẹ̀ Gánà, orúkọ kan wà fún àìsàn tí ń mú ọmọ tí a gba ọmú lẹ́nu rẹ̀ nítorí àbúrò rẹ̀ tí ó dé. Kwashiorkor ni orúkọ náà. Cicely Williams, dókítà obìnrin kan tí ó ṣiṣẹ́ níbẹ̀, ni ó mú un wọ inú ìwé ìṣègùn àgbáyé ní 1935. Ó yẹ kí olùkọ́ èdè fiyè sí i: nínú gbogbo èdè tí àwọn oníṣègùn òyìnbó gbọ́, láti ẹnu àwọn ìyá ilẹ̀ Adúláwọ̀ ni wọ́n ti rí orúkọ tí ó bá àìsàn yìí mu.

Kò jẹ́ òtítọ́ rárá pé kò sí ìtọ́jú agboolé kí nọ́ọ̀sì tó dé. Ìyá àbíyè wà, tí ó mọ ikùn aboyún bí ẹní mọ ilẹ̀kùn ilé ara rẹ̀. Àwọn olómitútù wà, tí ń fi omi Ọ̀ṣun tọ́jú ọmọ. Elẹ́wẹ́ ọmọ wà ní ọjà, tí ń ta àgbo fún oríṣiríṣi àìsàn ọmọdé. Àwọn wọ̀nyí kì í dúró kí aláìsàn wá. Ilé rẹ̀ ni wọ́n ń lọ. Nígbà tí ìjọba àwọn òyìnbó fẹ́ rán ènìyàn wọ agboolé, wolé-wolé ni ó rán, tí ń wá tanwíjí nínú àmù, tí ń kọ orúkọ ènìyàn sílẹ̀ fún ilé ẹjọ́. Ẹ̀rù rẹ̀ ń ba ènìyàn ju ẹ̀rù ibà lọ. Fún ọ̀pọ̀ ọdún, ohun tí agboolé mọ̀ nípa ìlera ti ìjọba kò ju ìtanràn lọ.

Àwọn òyìnbó pàápàá kò tètè mọ iṣẹ́ nọ́ọ̀sì agboolé. Ní Liverpool ní 1859, ọlọ́rọ̀ kan tí ń jẹ́ William Rathbone, tí ìyàwó rẹ̀ kú, rí bí nọ́ọ̀sì kan tí ń jẹ́ Mary Robinson ti tọ́jú obìnrin náà nílé. Ó sì gbà á síṣẹ́ kí ó máa lọ tọ́jú àwọn tálákà ní ilé wọn. Láti ibẹ̀ ni iṣẹ́ náà ti tàn. Ní ti ilẹ̀ wa, Kofoworola Abeni Pratt, ọmọ Èkó tí a bí ní 1915, tí ó kọ́ṣẹ́ ní ilé ìwòsàn St Thomas ní Lọ́ńdọ̀nù, ni a máa ń kọ́kọ́ dárúkọ bí a bá ń sọ ìtàn nọ́ọ̀sì. Òun ni ọmọ Nàìjíríà àkọ́kọ́ tí ó di mátírọ̀nù ní ilé ìwòsàn ńlá ti Yunifásítì ní Ìbàdàn. Ọlá rẹ̀ tọ́ sí i. Ṣùgbọ́n kì í ṣe inú ilé ìwòsàn ńlá ni káàdì inú ọ̀rá ti wá.

Ìmẹ̀sí-Ilé ni ó ti wá, ìlú kan láàrin òkè ní ilẹ̀ Ìjẹ̀ṣà. Ní 1956, dókítà kan láti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, David Morley, dé ilé ìwòsàn Wesley Guild ti ìjọ Mẹ́tọ́díìsì ní Iléṣà. Lẹ́yìn ọdún kan, òun àti àwọn nọ́ọ̀sì tí ó bá a ṣiṣẹ́ bẹ̀rẹ̀ ohun kan ní Ìmẹ̀sí-Ilé tí ẹnikẹ́ni kò ṣe rí ní agbègbè náà. Wọ́n ń kọ orúkọ ọmọ sílẹ̀ láti ọjọ́ tí a bí i, wọ́n sì ń tẹ̀ lé e títí tí ó fi pé ọmọ ọdún márùn-ún. Ohun tí wọ́n rí ni pé àṣà tí Morley kọ́ nílé kò bá ibẹ̀ mu. Ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ibi tí a ń gbé ọmọ tí ara rẹ̀ le lọ yàtọ̀ sí ibi tí a ń gbé ọmọ tí ń ṣàìsàn lọ. Ní Ìmẹ̀sí, ọmọ kan náà ni ó ń ṣe méjèèjì láàrin ọ̀sẹ̀ kan. Ìyá tí ó ti oko wá kò sì lè wá lọ́jọ́ Ajé fún ìwọ̀n, kí ó wá lọ́jọ́rú fún abẹ́rẹ́, kí ó tún wá lọ́jọ́ Ẹtì fún oògùn ibà. Nítorí náà wọ́n pa gbogbo rẹ̀ pọ̀: ọjọ́ kan, ibì kan, nọ́ọ̀sì kan. Kí a wọn ọmọ, kí a gún un ní abẹ́rẹ́ àjẹsára, kí a tọ́jú àìsàn rẹ̀, kí a bá ìyá rẹ̀ sọ̀rọ̀ oúnjẹ, kí ó sì máa lọ sí oko rẹ̀. Àwọn nọ́ọ̀sì ni ó ń ṣe èyí tí ó pọ̀ jù nínú iṣẹ́ náà. Ọmọ tí ọ̀ràn rẹ̀ bá ju agbára wọn lọ ni dókítà ń rí.

Káàdì wá tẹ̀ lé e. A ya ìlà méjì sórí rẹ̀ tí ó ń gòkè bí ọ̀nà. Oṣù ni a fi lé ìsàlẹ̀, ìwọ̀n ara ni a fi lé ẹ̀gbẹ́. Bí àmì ọmọ bá ń gòkè láàrin ìlà méjèèjì, ọmọ náà wà ní ọ̀nà ìlera. Kì í ṣe bí ọmọ ti tóbi tó ni ó ṣe pàtàkì jù, ibi tí ìlà rẹ̀ kọjú sí ni. Ọmọ kékeré tí ìlà rẹ̀ ń gòkè sàn ju ọmọ sísanra tí ìlà rẹ̀ tẹ́ lọ. Ìyá tí kò mọ̀wé lè kà á. Ohun tí ó wá ya àwọn dókítà ẹgbẹ́ Morley lẹ́nu jù ni pé kò kó káàdì náà pamọ́ sí ilé ìwòsàn. Ó fi sínú ọ̀rá, ó sì fún ìyá ọmọ kí ó gbé e lọ sílé. Wọ́n ní yóò sọ ọ́ nù. Àwọn ìyá kò sọ ọ́ nù. Àwọn akọ̀wé ilé ìwòsàn ni ó ń sọ ìwé nù. Ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1960, àwọn ọmọ Ìmẹ̀sí wà lára àwọn tí a kọ́kọ́ dán abẹ́rẹ́ èéyi wò lára wọn ní ilẹ̀ Adúláwọ̀. Ikú ọmọdé dínkù gidigidi ní ìlú náà, káàdì rẹ̀ sì rin ìrìn àjò dé ọ̀pọ̀ orílẹ̀-èdè. Morley kú ní 2009. Ọ̀pọ̀ ìyá tí ń gbé irú káàdì bẹ́ẹ̀ lọ sí ibi ìwọ̀n ní Íńdíà tàbí ní Kẹ́ńyà kò ní gbọ́ orúkọ Ìmẹ̀sí-Ilé láéláé.

Ní 1963, Yunifásítì Ìbàdàn bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ tirẹ̀ ní Ìgbó-Ọrà ní Ìbàràpá, ìlú tí a mọ̀ sí ìlú ìbejì, kí àwọn tí ń kọ́ iṣẹ́ dókítà lè gbé láàrin àwọn ará oko. Nígbà tí ó di 1975, ìjọba àpapọ̀ fi ètò ìlera ìpìlẹ̀ sínú ètò ìdàgbàsókè ẹlẹ́ẹ̀kẹta, ó sì dá ilé ẹ̀kọ́ sílẹ̀ láti kọ́ àwọn òṣìṣẹ́ tí yóò máa gbé láàrin ìlú. Ọ̀nà yìí ni ọmọbìnrin Kúta gbà wọlé. Òun pẹ̀lú òṣùwọ̀n kan tí a ń fi kọ́ sórí igi, àti fláàsì tí ó ní yìnyín nínú fún abẹ́rẹ́, àti káàdì inú ọ̀rá. Lọ́dún kejì tí ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́, ní oṣù Kẹsàn-án 1978, orílẹ̀-èdè 134 pé jọ sí Alma-Ata ní ilẹ̀ Kàsàkìsítáànì, tí ó wà lábẹ́ ìjọba Sófíẹ́ẹ̀tì nígbà náà, wọ́n sì kéde pé ìlera gbogbo ènìyàn yóò dé kí ó tó di ọdún 2000. Kò gbọ́ nípa rẹ̀ lọ́dún náà. Ọ̀nà abúlé ń dá a lágara.

Ọ̀rọ̀ káàdì náà ṣẹlẹ̀ ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1980. Obìnrin kan gbé ọmọ rẹ̀ ọkùnrin wá, ọmọ oṣù mẹ́jọ. Ó ti ń yàgbẹ́ gbuuru fún ọjọ́ mẹ́ta, ìlà rẹ̀ sì ti bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀kalẹ̀. Òórùn àgbo ń jáde lẹ́nu rẹ̀. Ọmọbìnrin náà béèrè, obìnrin náà sì jẹ́wọ́ pé gìrì fẹ́ gbé ọmọ lálẹ́ àná, elẹ́wẹ́ ọmọ sì fún òun ní àgbo ìtọ̀ màlúù. Ìdẹ̀ra kò sí nínú àgbo yìí. Ewé tábà wà nínú rẹ̀. Ọmọ tí ó bá mu ún jù lè sùn kí ó má jí. Ohun tí ọmọbìnrin náà mọ̀ tọ̀nà, gbogbo ìwé tí ó kà ni ó tì í lẹ́yìn. Ṣùgbọ́n ó pariwo. Ní iwájú obìnrin bí ogún tí ó tò síbẹ̀, ó pe obìnrin náà ní òmùgọ̀, ó pe àgbo náà ní ìdọ̀tí, ó ní ẹni tí ó bá fẹ́ pa ọmọ rẹ̀ kí ó máa pa á nílé, kí ó má gbé e wá sí ọ̀dọ̀ òun. Lẹ́yìn náà ni ó tó tọ́jú ọmọ. Ọmọ náà yè nínú ìgbẹ́ gbuuru.

Ìyá rẹ̀ kò padà wá. Ní oṣù kẹsàn-án ni ó yẹ kí a gún ọmọ náà ní abẹ́rẹ́ èéyi. Oṣù kẹsàn-án kọjá, ìkẹwàá kọjá. Bí ọmọbìnrin náà bá wọ agboolé wọn, wọ́n á ní ìyá ọmọ ti lọ sí oko. Èéyi wọ Kúta ní ẹ̀ẹ̀rùn ọdún náà. Ọmọ náà ti rù tẹ́lẹ̀. Èéyi kì í sì í bá ọmọ tí ó rù ṣeré. Nígbà tí mímí di ìṣòro fún un, baba rẹ̀ gbé e lé ẹ̀yìn kẹ̀kẹ́ lóru, wọ́n dorí kọ Ìwó. Wọn kò dé ibẹ̀. Yorùbá ní ọmọ kò láyọ̀lé, ẹni ọmọ sin ni ó bímọ. Lẹ́yìn ọjọ́ mẹ́jọ, ìyá ọmọ náà bá nọ́ọ̀sì pàdé ní ọjà. Kò bú u, kò sunkún. Ó tú ìdí ìró rẹ̀, ó mú káàdì inú ọ̀rá jáde, ó fi lé e lọ́wọ́.

"Ẹ gbà," ni ó wí. "Ohun yín nìyí."

Ó yẹ kí ó dá a padà sí ibi iṣẹ́, kí a fi sínú fáìlì. Kò dá a padà.

Ní ọ̀sẹ̀ tí ó tẹ̀ lé e, ó lọ sí ilé elẹ́wẹ́ ọmọ. Ó kúnlẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà.

"Ẹ káàárọ̀, ìyá."

"Ìwọ ni o ń pe iṣẹ́ mi ní ìdọ̀tí lójú gbogbo ayé."

"Èmi ni, ìyá. Ẹ foríjì mí."

Ìyá náà kò dá a lóhùn títí tí ó fi kó gbogbo èèpo inú àtẹ rẹ̀ tán. Ó wá ní, "Dìde. Kí ni o fẹ́?"

"Mo fẹ́ mọ ohun tí ẹ ń fún àwọn ọmọ. Mo sì fẹ́ kí ẹ mọ ohun tí èmi náà ń fún wọn."

Odindi ọdún kan ni ọ̀rọ̀ náà gbà wọ́n, kì í ṣe ọjọ́ kan. Elẹ́wẹ́ ọmọ kò fi ewé sílẹ̀, kò sì sẹ́ni tí ó ní kí ó fi í sílẹ̀. Ewé tí ń mú ara ọmọ tutù, tí kò pa á lára, nọ́ọ̀sì kò bá a jà mọ́. Ti ìtọ̀ màlúù ni ìjà wà lórí rẹ̀, ìyá náà sì gbà níkẹyìn, kì í ṣe nítorí ìwé, bí kò ṣe nítorí pé òun náà ti rí àwọn ọmọ tí ó sùn tí wọn kò jí, ṣùgbọ́n kò sí ẹni tí ó bi í rí. Ó ní ohun tí ó fi kọ́ nọ́ọ̀sì pẹ̀lú. Òun ni ó fi hàn án pé àwọn ìyá ń wo àwùjẹ̀ ọmọ kí wọ́n tó wo ohunkóhun mìíràn: bí àwùjẹ̀ bá wọnú, omi ara ọmọ ti gbẹ. Ọ̀rọ̀ yìí wà nínú ìwé nọ́ọ̀sì, ṣùgbọ́n ní èdè tí kò sí ìyá kan tí ó gbọ́ ọ. Láti ìgbà náà, ọmọ tí àwùjẹ̀ rẹ̀ bá wọnú, tí ojú rẹ̀ bá jìn, tí kò bá lè mu ọmú, elẹ́wẹ́ ọmọ kì í ta àgbo fún ìyá rẹ̀ mọ́. Nọ́ọ̀sì ni ó ń júwe. Àwọn obìnrin ń bọ̀ nítorí pé òun ni ó rán wọn.

Ní 1985, Olikoye Ransome-Kuti, oníṣègùn ọmọdé láti Yunifásítì Èkó, di mínísítà ètò ìlera. Inú ilé tí ariwo kò ti wọ́n ni ó ti jáde. Funmilayo ni ìyá rẹ̀, Fela ni àbúrò rẹ̀. Ṣùgbọ́n iṣẹ́ tí kò ní ariwo ni ó fẹ́ràn. Ní 1986 ó mú ìjọba ìbílẹ̀ 52 gẹ́gẹ́ bí àwòkọ́ṣe, ó ní ọ̀dọ̀ ìjọba ìbílẹ̀ ni kí ìlera ìpìlẹ̀ máa gbé, kì í ṣe Èkó. Ní àkókò yìí ni omi oníyọ̀ àti ṣúgà wọ gbogbo ilé: ṣíbí tíì kékeré kan iyọ̀ tí a rẹ́ lórí, ṣíbí mẹ́wàá ṣúgà tàbí horo márùn-ún, àti omi mímọ́ ìgò bíà ńlá kan. Ní agbègbè Ìwó tí Mùsùlùmí pọ̀ sí, àríyànjiyàn ìgò bíà yìí kò kéré. Ìgò mínírà méjì ni ó parí ìjà náà, nítorí omi tí wọ́n gbà kò yàtọ̀. Nínú iṣẹ́ tí nọ́ọ̀sì Kúta ṣe, ó jọ pé kò sí èyí tí ó gba ẹ̀mí là tó omi inú ìgò yìí, kò sì sí èyí tí kò náni lówó tó bẹ́ẹ̀.

Ní Ìbàràpá, wọ́n rí irú ohun kan náà. Sòbìà ń dá àwọn àgbẹ̀ dúbúlẹ̀ ní àkókò iṣẹ́ oko, ọ̀pọ̀ sì gbà pé inú ara ènìyàn ni ó ti ń wá, pé kì í ṣe inú omi. Ní Ìdèrè, àwọn ará ìlú tí a kọ́ níṣẹ́ ìlera ni ó ń ta asẹ́ omi, àwọn aránṣọ ìlú sì ni ó ń rán an. Nígbà tí a ka àwọn tí sòbìà ń ṣe ní gbogbo Nàìjíríà ní 1988 sí 1989, wọ́n lé ní 650,000. Ní 2008 ni a rí ẹni ìkẹyìn.

Ohun tí ó bàjẹ́ kò ṣòro láti sọ. Ransome-Kuti kúrò ní 1992. Wọ́n dá àjọ ìlera ìpìlẹ̀ sílẹ̀ lọ́dún náà, ṣùgbọ́n owó kò tẹ̀ lé e. Fìríìjì bàjẹ́, kẹrosíìnì tán, owó oṣù òṣìṣẹ́ ìjọba ìbílẹ̀ kò dé fún oṣù púpọ̀. Àjẹsára tí ó ti gòkè rí jábọ́ wálẹ̀. Ọdún 2000 dé, ìlera gbogbo ènìyàn kò bá a wá. Ìyá Nọ́ọ̀sì rí ọjọ́ tí òun nìkan jókòó sábẹ́ igi pẹ̀lú òṣùwọ̀n, tí kò ní abẹ́rẹ́ kan nínú fláàsì. Ó ń wọn ọmọ síbẹ̀síbẹ̀. Àwọn ẹlẹ́gbẹ́ rẹ̀ ní kí ni àǹfààní ìwọ̀n láìsí oògùn. Ó ní kí ìyá ọmọ lè mọ̀. Òfin ìlera tí a ṣe ní 2014 ti fi owó kan sọ́tọ̀ fún ìlera ìpìlẹ̀, nǹkan sì ti ń yí padà díẹ̀díẹ̀, ó ń yá níbì kan, ó ń lọ́ra níbòmíràn.

Lọ́dún tí ó kọjá, ọmọbìnrin kan tí ìjọba ṣẹ̀ṣẹ̀ rán wá síbi iṣẹ́ ìlera wá kí Ìyá Nọ́ọ̀sì. Ó mọ̀wé ju bí òun ti mọ̀ ọ́n ní ọjọ́ orí rẹ̀ lọ, fóònù rẹ̀ sì ń ṣe iṣẹ́ tí ìwé mẹ́wàá kò lè ṣe. Ó kúnlẹ̀, ó jókòó, ó sì ṣàròyé pé àwọn ìyá kan kò gbọ́ràn. Ó ní òun sọ òkò ọ̀rọ̀ sí ọ̀kan nínú wọn lọ́sẹ̀ náà nítorí àgbo tí ó fún ọmọ rẹ̀, obìnrin náà kò sì tíì padà wá.

Ìyá Nọ́ọ̀sì kò sọ nǹkan kan. Ó wọ yàrá, ó ṣí àpótí, ó mú káàdì inú ọ̀rá jáde, ó sì fi lé e lọ́wọ́.

Ọmọbìnrin náà fi ìka tọ ìlà náà láti ìsàlẹ̀ dé ibi tí ó parí sí. Ó yí káàdì náà síhìn-ín sọ́hùn-ún, ó ń wá ìyókù.

"Mà," ni ó wí, "ọjọ́ mélòó ni ó wà láàrin ìwọ̀n ìkẹyìn yìí àti ìgbà tí ọmọ náà kú?"

"Mọ́kànléláàádọ́rùn-ún," ni Ìyá Nọ́ọ̀sì dá a lóhùn. "Ilé wọn nìyẹn, tí o ń wò lójú fèrèsé yẹn. Níbo ni ilé obìnrin tìrẹ wà?"